Orúkọ Ta Ni Kó Wà Lórí Ìwé?

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín. Mo mọ̀ pé ẹni tó ń kọ́ ìmọ̀ Yorùbá ní yunifásítì, tó tún ń pe ara rẹ̀ ní akéwì, kì í ṣe ẹni tẹ́ ẹ máa retí pé kó wá ròyìn ẹgbẹ́ olórin pop punk ti ilẹ̀ Amẹ́ríkà fún yín. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó bá ti wọni lára, kò ṣeé bò mọ́ra. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló fi àwo orin kan ránṣẹ́ sórí fóònù mi níbẹ̀rẹ̀ sáà yìí: All We Know Is Falling, àwo orin àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ Paramore gbé jáde lọ́dún 2005. Láti ọjọ́ náà, òun ni mò ń gbọ́ láàárọ̀, òun ni mò ń gbọ́ lálẹ́. Ó ti sú ará yàrá mi. Ó ní ṣé ariwo gìtá yẹn náà lèmi ń pè ní ewì?

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ṣàlàyé fún ẹni tí kò mọ̀ ọ́n. Orin punk ni èyí tí àwọn ọ̀dọ́ ń fi gìtá àti ìlù kọ kíákíá, tagbáratagbára, tí kò sí fáàrí kankan níbẹ̀. Bí wọ́n bá wá fi ègbè tó dùn, tó rọrùn láti gbè, sí i, ó di pop punk. Àwo Dookie tí ẹgbẹ́ Green Day gbé jáde lọ́dún 1994 wà lára ohun tó sọ ọ́ di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Lójú tèmi, kò fi bẹ́ẹ̀ jìnnà sí ohun tí àwa náà mọ̀: ẹnìkan á lé, àwọn yòókù á gbè. Bí ègbè ò bá ti dùn, orin tẹ́ nìyẹn.

Ìlú Franklin ní ìpínlẹ̀ Tennessee ni àwọn ọmọ wọ̀nyí ti pàdé. Mississippi ni wọ́n ti bí Hayley Williams tó ń kọrin. Ó ṣí wá sí Franklin, ibẹ̀ ló ti mọ tẹ̀gbọ́n-tàbúrò kan, Josh Farro tó ń ta gìtá àti Zac Farro tó ń lùlù. Hayley ò ju ọmọ ọdún 14 lọ nígbà tí ilé iṣẹ́ Atlantic Records fẹ́ gbà á. Òun nìkan ni wọ́n sì fẹ́. Ọmọbìnrin tó lè dá orin pop kọ ni wọ́n rí. Ọmọ náà kọ̀ jálẹ̀. Ó ní òun àti ẹgbẹ́ òun làwọn jọ máa ṣe é, orin onígìtá lòun sì fẹ́ kọ. Wọ́n gbà fún un, ṣùgbọ́n orúkọ Hayley nìkan ló wà lórí ìwé àdéhùn. Ẹ fi ọ̀rọ̀ ìwé yẹn sọ́kàn o, a ń bọ̀ lórí ẹ̀. Fueled by Ramen, ilé iṣẹ́ kékeré kan ní Florida tí àwọn ọmọ onírọ́ọ̀kì ti mọ̀ dáadáa, ni wọ́n wá fi gbé àwo náà jáde.

Orlando, ní Florida kan náà, ni wọ́n lọ ti gba orin sílẹ̀ lọ́dún 2005. Wọn ò tíì pẹ́ débẹ̀ tí Jeremy Davis, tó ń ta gìtá bass, fi ní òun ń lọ. Ó sì lọ lóòótọ́. Ẹ tiẹ̀ rò ó wò: àwọn ọmọ tí púpọ̀ nínú wọn ò tíì pé ogún ọdún, wọ́n wà nílùú onílùú, iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀, ọ̀kan nínú wọn bá já wọn sílẹ̀. Kí ni wọ́n wá ṣe? Wọ́n fi ìlọ rẹ̀ kọrin. Orí rẹ̀ ni orin tó ṣáájú nínú àwo náà dá lé. Àwòrán iwájú àwo ọ̀hún gan-an, àga pupa gbọọrọ kan ni, kò sẹ́ni tó jókòó sórí ẹ̀, òjìji ẹnìkan ló ń rìn lọ. Hayley ṣàlàyé lẹ́yìn náà pé àlàfo tí Jeremy fi sílẹ̀ ni. Àwa tí à ń ka ẹkún ìyàwó ní kíláàsì mọ̀ pé ìlọ èèyàn lè di ewì. Àmọ́ nínú ẹkún ìyàwó, ẹni tó ń lọ ló ń sun ún. Níbí, àwọn tí wọ́n fi sílẹ̀ ló ń sunkún.

Oṣù keje ọdún 2005 ni àwo náà jáde, orin 10, kò tó 40 ìṣẹ́jú. Hayley jẹ́ ọmọ ọdún 16, Zac jẹ́ 15. Ṣé ayé wá gbà á tọwọ́tẹsẹ̀? Rárá o. Kò wọ inú 200 àwo tí ìwé ìròyìn Billboard ń kà sí èyí tó tà jù. Nínú ìwé orúkọ àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀, ipò 30 ló dé. Àwọn kan ń fi Hayley wé Avril Lavigne, bí ẹni pé ọmọbìnrin kan péré ló láyè nínú iṣẹ́ náà. Nígbà tí wọ́n bá ìrìn-àjò Warped Tour lọ lọ́dún yẹn, ìtàgé kékeré tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún àwọn obìnrin ni wọ́n ti kọrin. Wọn ò torí ẹ̀ dáwọ́ dúró. Lọ́dún 2007, àwo wọn kejì, Riot!, sọ wọ́n di olókìkí, làwọn èèyàn bá padà sẹ́yìn lọ wá àkọ́kọ́. Ọdún 2014 ni àwo àkọ́kọ́ yìí gba àmì ẹ̀yẹ oníwúrà ní Amẹ́ríkà, èyí tó dúró fún 500,000 àwo. Ọdún mẹ́sàn-án gbáko!

Ẹ ó bi mí pé, kí ló wá kàn mí níbẹ̀? Àwa mẹ́ta la jọ ń kéwì. Èmi ni mò ń kọ ọ́ tí mo sì ń ké e, ọ̀rẹ́ mi kan ń lu gángan, ẹnì kejì ń gbè. Ẹ ti rí wa lálẹ́ ewì sáà tó kọjá. Lẹ́yìn ọjọ́ yẹn, ọ̀gbẹ́ni kan tó ní sítúdíò nígboro ránṣẹ́ pè mí. Ó ní ohùn mi wu òun, òun á gba ewì mi sílẹ̀ láìgba kọ́bọ̀, òun á sì bá mi gbé e jáde. Ó bá gbé ìwé wá. Orúkọ tèmi nìkan ló wà níbẹ̀.

Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, àwọn tó kù ńkọ́?"

Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Àbúrò, onílù pọ̀ nígboro. Máa fún wọn lówó ọkọ̀, kó o sì ra oúnjẹ fún wọn. Ìwọ ni ọjà."

Mo ní kó fún mi lọ́sẹ̀ méjì. Mo délé, mo rò fún àwọn méjèèjì. Onígángan ní kí n yáa fọwọ́ sí i, pé bí mo bá ti wọlé tán, màá fa àwọn náà wọlé. Elégbè ò sọ nǹkan kan. Abọ́ tó ti fọ̀ tẹ́lẹ̀ ló tún ń fọ̀. Ìdákẹ́ rẹ̀ yẹn ló ń dùn mí jù.

Ohun tí onígángan sọ yìí ni Hayley ṣe: ó wọlé, ó fa àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ wọlé. Ìwà akin ni fún ọmọ ọdún 14, mi ò ní jiyàn. Ṣùgbọ́n àwọn àgbà ní ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún. Ní ìparí ọdún 2010, Josh àti Zac fi ẹgbẹ́ náà sílẹ̀, Josh sì kọ ọ́ síta pé ọ̀rọ̀ ìwé àdéhùn tó jẹ́ ti ẹnìkan wà lára ohun tó ń dun àwọn. Jeremy tó ti padà wá tún lọ lọ́dún 2015, ọ̀rọ̀ bóyá alájọni ni tàbí òṣìṣẹ́ dé kóòtù, kí wọ́n tó parí ẹ̀ lọ́dún 2017. Ọdún 2017 yẹn náà ni Zac padà.

Ẹ wo àwọn bàbá wa: King Sunny Adé àti African Beats rẹ̀, Ebenezer Obey àti Inter-Reformers rẹ̀. Orúkọ ọ̀gá ló ṣáájú, gbogbo ayé sì mọ ẹni tó jẹ́ ọ̀gá. Kò sí ìbòòsí níbẹ̀. Ibi tí wàhálà wà ni ibi tí ẹnu ti ń sọ pé "àwa", tí ìwé ń sọ pé "èmi".

Nítorí náà, mo ti jókòó, mo ti kọ ìwé tiwa lédè Yorùbá: orúkọ mẹ́ta, ìpín mẹ́ta. Elégbè ló ní ká fi ẹ̀ka kan kún un, nípa ohun tí a ó ṣe bí ẹnìkan bá fẹ́ lọ. Òun ló tún kọ́kọ́ fọwọ́ sí i. Lọ́jọ́ Ẹtì tó ń bọ̀ ni ọ̀sẹ̀ méjì pé, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta la sì jọ ń lọ sí sítúdíò ọ̀hún. Bí ẹ̀gbọ́n bá gbà, ẹ ó gbọ́ wa lórí àwo. Bí wọn ò bá gbà, ẹ gbé fóònù yín wá sálẹ́ ewì tó ń bọ̀, kẹ́ ẹ gbà wá sílẹ̀ fúnra yín.