Màmá, Ẹ Má Pa Ẹ̀rọ Tó Ń Mú Ilé Móoru

Ẹ̀yin òbí tó ń lọ bá ọmọ gbé ní ìlú ọba, ẹ gbọ́ o. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n ìyá mi lọ sí Lọ́ńdọ̀nù lásìkò òtútù, bí ọmọ wọn bá ti lọ síbi iṣẹ́, wọ́n á pa ẹ̀rọ tó ń mú ilé móoru, kí owó gáàsì má baà pọ̀ fún un. Mo ní, “Màmá, òtútù máa ń fún iṣan ẹ̀jẹ̀, ẹ̀jẹ̀ yín tó ń ru á tún ru sí i.”

Ní 2018, Àjọ Ìlera Àgbáyé dámọ̀ràn pé kí ooru inú ilé má dín ní ìwọ̀n 18 Celsius nígbà òtútù. Bí owó kò bá ká gbogbo ilé, ẹ mú yàrá tí ẹ ń jókòó sí móoru, ẹ ti ilẹ̀kùn rẹ̀, ẹ fa kọ́tìnì bí ilẹ̀ bá ti ṣú. Ẹ má gbé iná èédú wọ yàrá o! Afẹ́fẹ́ olóró rẹ̀ kò ṣeé rí, kò lóòórùn, ó sì ń pani.