Ẹni Méjì Nínú Fọ́tò Kan

Àwọn àgbà ní, ilé là ń wò kí á tó sọmọ lórúkọ. Ṣùgbọ́n orúkọ tiwa, a mú un tọ̀run wá ni. Ọmọ Ìlá Ọ̀ràngún ni àwọn òbí wa, Fegge ní Onitsha ni wọ́n sì bí wa sí, níbi tí ìyá wa ti ń ta aṣọ ní ọjà Ochanja.

Fọ́tò kan wà lára ògiri pálọ̀ wa. Ọmọ méjì ni ó jókòó sínú rẹ̀, aṣọ kan náà, fìlà kan náà. Bí àlejò bá bèèrè, ìyá wa á ní, "Táíwò àti Kẹ́hìndé nìyẹn." Àwa ni Kẹ́hìndé. Oṣù mẹ́jọ péré ni Táíwò lò láyé. Ìgbà tí a pé ọmọ ọdún méjìlá ni a tó ṣàkíyèsí pé ọmọ bí ọdún mẹ́ta ni àwọn tó wà nínú fọ́tò náà. Báwo ni Táíwò ṣe dé ibẹ̀?

A bi ìyá wa. Ó dákẹ́ títí, ó wá ní àwa nìkan ni ayafọ́tò yà. Baba Ìgbò kan ni, ní àdúgbò wa. Kò gbọ́ irú rẹ̀ rí, ṣùgbọ́n ìyá wa ṣàlàyé bí wọ́n ti ń ṣe é ní Ìlá. Nínú yàrá òkùnkùn rẹ̀, ó fi páálí bo ìdajì pépà, ó tẹ̀ wá sí ìdajì kejì. Ó bo apá tó ti tẹ̀, ó tún tẹ̀ wá sí èyí tó kù. Inú bí wa. Ó dà bí ẹni pé wọ́n fi wá dí àlàfo ẹlòmíràn.

Ní kọ́lẹ́ẹ̀jì ni a tó kà nípa William Henry Fox Talbot, ará Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n bí ní 1800. Ní 1833, lẹ́bàá adágún Como ní Ítálì, ó fẹ́ fi ọwọ́ ya ohun tí ojú rẹ̀ rí, kò lè yà á. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rò ó bóyá ìmọ́lẹ̀ fúnra rẹ̀ lè ya àwòrán sórí pépà. Ní 1835, ó ya fèrèsé ilé rẹ̀ ní Lacock: ibi tó mọ́lẹ̀ di dúdú, ibi tó dúdú di funfun. Nẹ́gátíìfù nìyẹn. Fọ́tò tí Daguerre ará Faransé kéde ní 1839 dán ju tirẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ẹyọ kan ṣoṣo ni, orí irin ni. Láti ara nẹ́gátíìfù kan, a lè tẹ igba fọ́tò. Talbot kú ní 1877. Ní 1978, Stephen Sprague, ará Amẹ́ríkà, kọ̀wé nípa bí àwọn ayafọ́tò Yorùbá ṣe ń fi irú ọgbọ́n yìí so ìbejì tí ikú yà pọ̀. Iṣẹ́ tí àwọn baba wa fi ère ìbejì ṣe ni wọ́n fi nẹ́gátíìfù ṣe.

Lọ́dún tó kọjá, òrùlé jò sórí fọ́tò wa, ó bà á jẹ́. Ìyá wa sunkún bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sin ọmọ. Baba ayafọ́tò ti kú. Ìyá wa ṣí àpótí, ó fa àpòòwé kan yọ: nẹ́gátíìfù náà rèé! Àwa nìkan ni a dá jókòó sínú rẹ̀. Nígbà náà ni ó yé wa pé títẹ̀ tí wọ́n tẹ̀ wá lẹ́ẹ̀mejì kò dín wa kù. A gbé e lọ sọ́dọ̀ ẹni tó ń fi kọ̀ǹpútà tẹ fọ́tò. Ó ní, "Ṣé ẹyọ kan ni?" A ní kó jẹ́ méjì, ní ẹ̀gbẹ́ ara wọn.

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ wa, ẹ bi àwọn òbí yín ibi tí nẹ́gátíìfù wọn wà, kí òjò tó dé.