Omi Ni Mo Rà

Kí n tó ra òṣùwọ̀n, ìwé ẹ̀rí yunifásítì mi ni mo kọ́kọ́ gbé kọ́ sára ògiri ṣọ́ọ̀bù kòkó mi nílùú wa ní ilẹ̀ Oǹdó. Mo fẹ́ kí àgbẹ̀ tó bá gbé àpò wọlé mọ̀ pé kì í ṣe ẹgbẹ́ òun ló ń bá dúnàá-dúrà. Ìyá àgbà kan wò ó títí, ó ní ta ló pa fọ́tò bàbá mi rẹ́ báyìí.

Fọ́tò bàbá mi gan-an ló sì yẹ kó wà níbẹ̀. Mo wà lára àwọn ọmọ tó wọ ilé ìwé ní oṣù Kìíní ọdún 1955, nígbà tí ìjọba Awólọ́wọ̀ sọ ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ di ọ̀fẹ́ ní Ìwọ̀-Oòrùn, tí owó kòkó sì wà lára owó tí wọ́n fi ṣe é. Nígbà tó kan ìwé gíga tó ń gbowó, oko kòkó bàbá mi ló ń san án. Mo ka ètò ọrọ̀ ajé. Mo dé iṣẹ́ ìjọba n'Íbàdàn, mo wá ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé èmi ni mo dá owó sáyé.

Ní 1986, ìjọba fagi lé bọ́ọ̀dù tó ń ra kòkó lọ́wọ́ àgbẹ̀. Ọjà ṣí sílẹ̀ gbayawu. Náírà ń já wálẹ̀, kòkó ń gbówó lórí, nítorí dọ́là ni wọ́n ń fi rà á lókè òkun. Àwọn tí kò mọ kòkó yàtọ̀ sí obì ń sáré kiri abúlé pẹ̀lú báàgì owó. Mo ní bí àwọn yìí bá ń là, èmi tí mo gboyè lórí ọ̀rọ̀ owó ńkọ́? Mo kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀.

Bàbá Kékeré, àbúrò bàbá mi, ti ra kòkó fún ọgbọ̀n ọdún. Orúkọ ara rẹ̀ nìkan ló mọ̀ ọ́n kọ. Á ki ọwọ́ bọ àpò títí dé ìgúnpá, á bu ẹ̀kúnwọ́ kan láti ìsàlẹ̀, á gbọ̀n ọ́n létí bí ẹni ń gbọ́ òfófó, á sì fi eyín gé ẹyọ kan. Ó fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Akọ̀wé, má ra kòkó òjò. Bí o bá sì rà á, má jẹ́ kó pẹ́ lọ́dọ̀ rẹ. Òkè àpò lè gbẹ kí ìsàlẹ̀ má gbẹ. Má sì fi oko bàbá rẹ dógò."

Mo ní, "Ẹ ṣeun, Bàbá Kékeré." Mo rẹ́rìn-ín. O mọ irú ẹ̀rín tí alákọ̀wé ń rín sí ẹni tí kò lọ ilé ìwé. Bóyá ìwọ náà rín in lánàá.

Mo fi oko dógò. Bàbá mi tẹ̀ka sí ìwé olówó èlé láìbi mí ní nǹkan kan, nítorí ọmọ òun tó kàwé ló ní kí òun tẹ̀ ẹ́.

Nínú oṣù Keje ọdún 1987, mo ra àpò 96. Kílò 62.5 ni àpò kan, mẹ́rìndínlógún ló ń di tọ́ọ̀nù kan; tọ́ọ̀nù mẹ́fà ló wà nílẹ̀. Mo fi rúlà fa ìlà sínú ìwé, mo ṣírò rẹ̀ pé bí mo bá lè dúró ọ̀sẹ̀ mẹ́rin kí náírà tún já, èrè mi á ju owó oṣù ọdún méjì lọ. Òjò ń rọ̀ sórí páànù lójoojúmọ́. Ìyàwó mi ní ṣọ́ọ̀bù ti ń rùn bí aṣọ tí a kò sá. Mo ní òórùn owó ni.

Ẹni tó ń yẹ kòkó wò fún ìjọba dé. Ó da ẹ̀kúnwọ́ kan sórí pákó. Ó fi ọ̀bẹ la ẹyọ kan. Ó ti bu. Ó la òmíràn. Ó ti bu. Ó ń là á lọ, kò wojú mi.

Omi inú kòkó kò gbọdọ̀ ju 7.5 nínú 100. Tèmi ju bẹ́ẹ̀ lọ fíìfíì. Àwọn tó tà á fún mi mọ̀, nítorí omi máa ń wúwo lórí òṣùwọ̀n. Omi ni mo rà. Iye kòkó ni mo san.

Ohun tí mo rí nígbà tí mo tà á ní àtàdànù kò tó ìdajì gbèsè. Olówó èlé kò pariwo. Ó gba oko.

Gbólóhùn kan ni bàbá mi sọ: "Ṣé wọn ò kọ́ yín bí wọ́n ṣe ń gbọ̀n kòkó létí ni?" Bàbá Kékeré kò ní òun ti wí. Ó fún mi lówó ọkọ̀.

Kí ẹnikẹ́ni má torí mi yọ ọmọ nílé ìwé o. Ìwé kò parọ́ fún mi. Kòkó tún gbówó lórí lẹ́yìn náà, bí mo ṣe ṣírò rẹ̀ gẹ́lẹ́, tí n kò ní ẹyọ kan nílẹ̀. Èmi ni mo rò pé ẹni tó mọ iye tí wọ́n ń ta kòkó ti mọ kòkó. Àti pé, kí n sọ ọ́ bó ṣe rí, ojú ló ń tì mí láti ki ọwọ́ bọ àpò níwájú àwọn àgbẹ̀. Táì wà lọ́rùn mi.

Iṣẹ́ tíṣà ni mo padà ṣe, ọdún márùn-ún ni mo sì fi san ìyókù gbèsè. Oko náà ṣì wà lójú ọ̀nà. Ọmọ olówó èlé ló ń ká a báyìí. Bí mo bá ń kọjá lásìkò òjò, mo máa ń rí i tó ń sáré kó kòkó rẹ̀ sábẹ́ òrùlé.