Ẹni tí ó Rán ni ní Iṣẹ́

Ní ayé àtijọ́, bí ìlàrí Aláàfin bá wọ ìlú kan, gbogbo ènìyàn a mọ̀ pé ọba ni ó rán an. Ẹni tí ó bá tàbùkù ìlàrí, ọba ni ó tàbùkù. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni iṣẹ́ àwọn aṣojú tí ìjọba ń rán lọ sí ilẹ̀ òkèèrè rí. Ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa rò pé àsè, aṣọ ńlá àti ọkọ̀ tí a so àsíá mọ́ ni gbogbo rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọjọ́ tí ìyà bá jẹ ọmọ ìlú tí ẹnikẹ́ni kò mọ orúkọ rẹ̀ ni a ń mọ aṣojú tòótọ́.

Ìjẹ̀bú ni a ti bí Olúgbéńga Àṣírù ní ọdún 1948. Lẹ́yìn tí ó kẹ́kọ̀ọ́ jáde ní Yunifásítì Èkó, ó wọ iṣẹ́ ìjọba ní ẹ̀ka ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè, ó sì ń gòkè díẹ̀díẹ̀ títí ó fi di aṣojú Nàìjíríà ní Kòríà ti Àríwá. Ní ọdún 2005, a fi í ṣe Kọmíṣọ́nnà Àgbà ní Gúúsù Áfíríkà, èyí tí í ṣe orúkọ tí àwọn orílẹ̀-èdè inú Kọ́mọ́ńwẹ́ẹ̀tì ń pe aṣojú tí wọ́n ń rán sí ara wọn. Pretoria ni ibùjókòó rẹ̀, ṣùgbọ́n kò jìnnà sí Johannesburg, níbi tí ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ti ń ṣòwò.

Ní oṣù Keje ọdún 2011, ó di Mínísítà fún ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè. Kò tí ì pé ọdún kan lórí oyè tí ìdánwò fi dé, láti ilẹ̀ tí òun tìkára rẹ̀ ti gbé rí. Ní oṣù Kẹta ọdún 2012, àwọn òṣìṣẹ́ pápákọ̀ òfuurufú Johannesburg dá ọmọ Nàìjíríà 125 padà sílé. Wọ́n ní káàdì abẹ́rẹ́ àjẹsára ibà pọ́njú tí ó wà lọ́wọ́ wọn kì í ṣe ojúlówó. Bẹ́ẹ̀ ni Oliver Tambo, tí a fi orúkọ rẹ̀ pe pápákọ̀ náà, lo 30 ọdún nílẹ̀ àjèjì, tí ó ń kan ilẹ̀kùn orílẹ̀-èdè kiri nítorí òmìnira àwọn ènìyàn rẹ̀. Nàìjíríà sì wà lára àwọn tí ó ran ìjà náà lọ́wọ́.

Àṣírù kò fi ọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n. Ó ní ìkórìíra àlejò ni wọ́n ń ṣe. Nàìjíríà náà sì bẹ̀rẹ̀ sí dá àwọn ará Gúúsù Áfíríkà padà láti Èkó. Láàárín ọ̀sẹ̀ kan, ìjọba Gúúsù Áfíríkà tọrọ àforíjì ní gbangba, ìjà sì rọlẹ̀.

Ẹlòmíràn lè wí pé àwọn tí a dá padà ní Èkó kò ṣẹ ẹnikẹ́ni. Òtítọ́ ni, ọ̀rọ̀ náà sì wúwo. Ṣùgbọ́n aṣojú tí ó bá ń rẹ́rìn-ín nígbà tí a ń lé àwọn ènìyàn rẹ̀ bí ẹran ti gbàgbé iṣẹ́ tí a rán an. Àwọn àgbà ní ẹni tí ó rán ni ní iṣẹ́ ni à ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí a óò jẹ́ ẹ fún. Ọgbọ́n tí ó kù ni kí a mọ ibi tí ó yẹ kí ìbínú dúró, kí ilẹ̀kùn má baà tì pa.

Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2014, Àṣírù kú ní ẹni ọdún 66. Ilẹ̀ Gúúsù Áfíríkà kan náà ni ó kú sí.