Ìrìn-àjò Wa sí Erékùṣù Bonny

Akọ̀wé ìwé ìròyìn wa ti ń rọ̀ wá tipẹ́ pé kí a kọ bí ìrìn-àjò wa sí Bonny ti rí, pàápàá nítorí ọ̀rọ̀ kan tí ó ti ẹnu ọmọdé jáde lójú omi, tí púpọ̀ nínú yín ti gbọ́ ní ààbọ̀. A ó rò ó bí ó ti ṣẹlẹ̀ gan-an, a kò ní bù mọ́ ọn.

Àwa mẹ́sàn-án ni a lọ, ní ọjọ́ Sátidé kan ní ìparí oṣù Kọkànlá ọdún 2023. Bàbá akápò ẹgbẹ́ ni àgbà wa. Ìyá aláṣọ mú ọmọ-ọmọ rẹ̀ méjì wá. Tọkọtaya ọ̀dọ́ kan tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe ìgbéyàwó bá wa lọ. Àwa náà sì mú ọmọ wa obìnrin dání, ọmọ ọdún mọ́kànlá. Òwò kọ́ ni a bá lọ, òkú kọ́ ni a lọ sin. A kàn fẹ́ kí àwọn ọmọ rí igbó, omi àti ẹranko ilẹ̀ tí a bí wọn sí. Ó ti lé ní ogún ọdún tí àwa ti ń gbé Port Harcourt, ọ̀nà ilé, ọ̀nà ọjà àti ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì nìkan ni a mọ̀. Ìtìjú ni ó jẹ́ fún wa nígbà tí ọmọ wa béèrè ohun tí ń bẹ ní òdìkejì omi, tí a kò rí èsì kan fọ̀.

Ní ọdún 2017 ni iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ lórí ọ̀nà tí yóò gba Bodo dé Bonny, ṣùgbọ́n nígbà tí àwa ń lọ, kò tíì parí. Omi ni a gbà. Ní èbúté, ọ̀rọ̀ di àríyànjiyàn. Ọmọkùnrin tí ń kó èrò fẹ́ fi ènìyàn méjì kún ọkọ̀ wa, bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀wù tí í múni léfòó kò kárí. Ìyá aláṣọ ní òun kò ní wọ̀ ọ́. Ọmọ ìyá rẹ̀ kan bá omi lọ nígbà èwe wọn, kò sì gbàgbé. Àwọn èrò mìíràn bẹ̀rẹ̀ sí í kùn pé àwa Yorùbá ti fẹ́ràn àròyé jù. Bàbá akápò fi ọ̀pá rẹ̀ kan ilẹ̀, ó ní, “Ẹni tí ń kánjú kí ó máa lọ. Àwa dúró ti ìyá.” A dúró fún nǹkan bí wákàtí kan kí a tó rí ọkọ̀ tí ẹ̀wù rẹ̀ kárí. Ẹ̀yin tí ẹ ń gba omi lọ sí ọjà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí kọ́gbọ́n. Wákàtí kan kò tó nǹkan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀mí.

Ẹni tí ó ń fi ọ̀nà hàn wá jẹ́ ọmọ bíbí Bonny, ọ̀dọ́mọkùnrin oníwà pẹ̀lẹ́ tí ó mọ orúkọ ohun gbogbo. Bí a ti kúrò ní ìlú, igi inú ẹrẹ̀ omi iyọ̀ bẹ̀rẹ̀, ní apá ọ̀tún àti ní apá òsì. Àwọn ará wa létí òkun ń pè é ní ẹ̀gbà. Gbòǹgbò rẹ̀ kò rì sínú ilẹ̀ bí ti ìrókò. Ó yọ jáde lára igi, ó tẹ̀ kọrọdọ, ó dúró lórí ẹrẹ̀ bí ẹsẹ̀ alákàn. Omi òkun ti fà sẹ́yìn ní òwúrọ̀ náà, a sì rí ohun tí ń bẹ lábẹ́ rẹ̀: alákàn pupa, ìṣáwùrú tí ó lẹ̀ mọ́ ẹrẹ̀, àti ẹja kékeré olójú ńlá tí ń fi lẹbẹ́ rẹ̀ fò lórí ẹrẹ̀ bí ọ̀pọ̀lọ́. Àwọn ọmọ pariwo. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà ṣàlàyé pé abẹ́ gbòǹgbò wọ̀nyí ni ọ̀pọ̀ ẹja ti ń tọ́ ọmọ rẹ̀ dàgbà kí wọ́n tó jáde sí òkun, àti pé gbòǹgbò kan náà ni ó di ilẹ̀ mú kí ìgbì má baà wọ́ ọ lọ. Èso igi náà sì ń hù lórí ìyá rẹ̀ kí ó tó já bọ́ sínú ẹrẹ̀, nítorí náà ó ti mú ara sílẹ̀ kí ó tó kúrò nílé. Ìyá aláṣọ rẹ́rìn-ín, ó ní bẹ́ẹ̀ ni ó yẹ kí a máa ṣe fún ọmọ tí ó ń lọ sí àjò.

Kì í ṣe gbogbo rẹ̀ ni ó tutù. A kọjá ibi tí igi ti kú, tí ó dúró dúdú bí èédú, tí òórùn epo sì ń bù wá nímú. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé ní ọdún 2008, epo rọ̀bì tú sínú omi Bodo lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ba iṣẹ́ apẹja púpọ̀ jẹ́. Ní ọdún 2011, ìwádìí àjọ ìṣọ̀kan àgbáyé lórí ilẹ̀ Ògóni sọ pé àtúnṣe rẹ̀ lè gba ọdún 25 sí 30. Àwa tí a ń ra ẹja ní ọjà tí a ń bínú pé ó wọ́n, a rí ohun tí ó mú un wọ́n.

Lẹ́yìn náà ni a dé ibi tí igi ẹ̀gbà ti tán pátápátá. Ọ̀pẹ kan tí kò ní ìdí gíga ni ó kún ibẹ̀, imọ̀ rẹ̀ ń ti inú omi yọ sókè. Ọmọ wa ní, “Ọ̀pẹ yìí mà dára o!” Ọ̀dọ́mọkùnrin náà mi orí. Ó ní nípà ni orúkọ rẹ̀, àlejò ni. Ní ọdún 1906 ni àwọn òyìnbó kó o láti ọgbà kan ní Singapore wá sí Calabar, ní 1912 wọ́n tún gbìn ín sí Oron, kí ó lè di etí omi mú. Láti ibẹ̀ ni èso rẹ̀ ti ń léfòó bá omi lọ, tí ó sì ń gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹ̀gbà. Ó wí i gẹ́gẹ́ bí ó ti mọ̀ ọ́n, kò ní ibi lọ́kàn: “Àlejò ni, ó sì ti lé onílé.”

Ọkọ̀ dákẹ́. Ẹ̀yin ará, a kò mọ ìdí tí gbogbo wa fi wo ilẹ̀. Ọmọ wa ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó bi Bàbá akápò léèrè pé, “Bàbá, ṣé bí ọ̀pẹ yẹn ni àwa náà rí níbí?”

Ibẹ̀ ni a tó mọ̀ pé ní ọ̀sẹ̀ náà gan-an, ọmọ kíláàsì rẹ̀ kan ti sọ fún un pé kí ẹ̀yin Yorùbá máa lọ sí ìlú yín. Ó ti gbé ọ̀rọ̀ náà mì fún ọjọ́ mẹ́rin, kò sọ fún bàbá, kò sọ fún ìyá. Ìlú wo ni yóò lọ? Port Harcourt ni a bí i sí. Ẹ̀ẹ̀mejì péré ni ó ti fojú kan Ìjẹ̀bú, ní àkókò ọdún.

Bàbá akápò kò yára dáhùn. Ó yí sí ọ̀dọ́mọkùnrin náà, ó sì sọ ìbéèrè ọmọ náà fún un ní èdè tí ó gbọ́. Ojú tì í. Ó ní, “Papa, ẹ jọ̀ọ́, kì í ṣe nítorí pé ó jẹ́ àlejò ni mo fi bú u.” Ó ní ẹ̀gẹ́ pàápàá àlejò ni, Bràsíìlì ni àwọn Potogí ti gbé e wá, kò sì sí ẹni tí ó ní kí gàrí padà sí ilé. Ní ìlú tí nípà ti wá, wọ́n ń fi imọ̀ rẹ̀ bo ilé, wọ́n ń gba omi dídùn lára rẹ̀. Ó ní iṣẹ́ níbẹ̀. Níbí, ó kàn jókòó ni. Ìṣáwùrú àti ẹja kò rí lábẹ́ rẹ̀ irú ilé tí wọ́n rí lábẹ́ ẹ̀gbà, kò sì fi àyè sílẹ̀ fún ẹlòmíràn. “Ohun tí àlejò bá ṣe ní ìlú ni a ń wò,” ni ó wí. Ó tún ní ìyá tí ó bí òun pàápàá, Igbo ni, láti òkè odò.

Ọmọ wa kò fèsì. Ṣùgbọ́n ó gbé orí sókè.

A dé Bonny ní ọ̀sán. Ìlú àtijọ́ ni, adúgbò rẹ̀ há, ó sì parọ́rọ́. Àwọn ọmọdé ń ṣeré níwájú ilé, àwọn ìyá ń ya ìṣáwùrú. A jẹ ọbẹ̀ onílé tí ìkarahun kún inú rẹ̀, a sì fi ẹnu fa á títí ìka wa fi rọ. Lẹ́yìn náà ni a lọ wo ilé ìsìn àtijọ́ tí ń jẹ́ St. Stephen.

Ẹ ó rántí pé ọmọ wa kan ti ṣe àlejò níbẹ̀ ṣáájú wa. Samuel Àjàyí Crowther, ọmọ Òṣogùn, tí wọ́n kó lẹ́rú ní 1821, tí ó di bíṣọ́ọ̀bù ní 1864, ni ó dá iṣẹ́ ìránṣẹ́ sílẹ̀ ní Bonny ní nǹkan bí 1865. Ní ayé ìgbà náà, awọ́nríwọ́n, ẹranko gígùn tí ó dàbí ọ̀nì kékeré, ni òrìṣà ìlú. Ó ń rìn láàárín ọjà, ó ń wọ ilé jẹ adìyẹ, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án. Ní ọjọ́ Àjíǹde ọdún 1867 ni Ọba George Pepple kọ̀ ọ́ sílẹ̀, wọ́n sì pa wọ́n lọ bẹẹrẹ.

Ọkọ ìyàwó ọ̀dọ́ fẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í yangàn pé ẹ wo ohun tí ọmọ Yorùbá ṣe. Bàbá akápò dá a dúró: “Àlejò kì í pìtàn ìlú fún onílé.” Ó ní kí ọ̀dọ́mọkùnrin náà parí rẹ̀ fún wa. Ó sì parí rẹ̀ dáadáa. Ó ní ní ọdún 1890, nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù ti darúgbó, àwọn òyìnbó ọ̀dọ́ gba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n tàbùkù sí àwọn tí ó tọ́ dàgbà. Ó kú ní ọjọ́ tí ó kẹ́yìn ọdún 1891. Ṣùgbọ́n àwọn ṣọ́ọ̀ṣì Delta kò ta á nù. Ní 1892 wọ́n dúró ti ọmọ rẹ̀, Dandeson, wọ́n sì dá ìjọ tiwọn dúró, wọ́n ń fi owó ara wọn bọ́ ọ. Àwọn onílé ni ó gbèjà àlejò. Bàbá akápò bọ́ fìlà.

Ní ìrọ̀lẹ́ a wọ igbó ìpamọ́ Finima, tí ilé-iṣẹ́ gáàsì NLNG dá sílẹ̀ ní 1999, ọdún kan náà tí ọkọ̀ gáàsì àkọ́kọ́ wọn kúrò ní èbúté. Ó tó nǹkan bí 1,000 hẹ́kítà, igbó, àbàtà àti etí òkun lápapọ̀. A kì í pa ẹranko níbẹ̀. A rìn lẹ́sẹẹsẹ, a kò sọ̀rọ̀ sókè, a gbọ́ ọ̀bọ lórí igi. Lójijì, awọ́nríwọ́n kan tí ó gùn tó ọmọdé jáde sí ojú ọ̀nà. Ó dúró, ó yọ ahọ́n, ó wò wá, ó sì gba ọ̀nà rẹ̀ lọ láìkánjú. Kò sí ẹni tí ó bọ ọ́, kò sí ẹni tí ó sọ ọ́ lókùúta. Ọmọ wa sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé, “Ó ti padà sílé rẹ̀.”

Ní etí òkun, ọ̀rá omi àti ike kún iyanrìn. Àwọn ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣà á, a kò rán wọn. A sì bá wọn ṣà á títí àpò mẹ́ta fi kún. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà kọ̀ láti gba ẹ̀bùn tí a fi kún owó rẹ̀. Ìyá aláṣọ fún un ní àdìrẹ kan fún ìyá rẹ̀. Ìyẹn ni kò lè kọ̀.

Nígbà tí a padà, àwa fúnra wa lọ rí olùkọ́ ọmọ wa. A kò lọ jà. A sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀, a sì ní kí ó jẹ́ kí ọmọ wa sọ ìtàn ọ̀pẹ nípà fún kíláàsì. Ó sọ ọ́. A gbọ́ pé ẹni tí ó bú u ni ó béèrè ìbéèrè jù, àti pé ó fẹ́ mọ bí awọ́nríwọ́n ti gùn tó. Àwọn méjèèjì kò tíì di ọ̀rẹ́, a kò ní parọ́. Ṣùgbọ́n ọmọ wa ń lọ sí ilé-ìwé pẹ̀lú orí gíga.

Ẹ̀yin ará, àwa kò lè bẹ àwọn ènìyàn pé kí wọ́n má pè wá ní àlejò, nítorí àlejò ni wá. Ohun tí ó wà ní ọwọ́ wa ni irú àlejò tí a ó jẹ́. Nítorí náà ni a fi dábàá ní ìpàdé pé kí ẹgbẹ́ wa máa bá àwọn onílé gbin ọmọ igi ẹ̀gbà ní àkókò òjò, kí a sì mú àwọn ọmọ wa dání. Ìpàdé gbà á. Ẹni tí ó bá fẹ́ bá wa lọ, kí ó fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Bàbá akápò.

Ní ti ìròyìn ilé: tọkọtaya ọ̀dọ́ tí wọ́n bá wa lọ bí ọkùnrin làǹtì-lanti lẹ́yìn oṣù mẹ́wàá, ìyá àti ọmọ wà ní àlàáfíà. Ìyá aláṣọ ní kí a sọ fún yín pé òun ti wọ ọkọ̀ ojú omi lẹ́ẹ̀mejì sí i. Kí Olódùmarè jẹ́ kí àjò wa gbogbo dùn, kí ó sì jẹ́ kí a máa rí ilé padà sí.

Ire o.