Nọ́ńbà Méjì Inú Ìwé Télọ̀

Nínú ìwé tí àwọn aránṣọ obìnrin ń kọ ìwọ̀n oníbàárà wọn sí, nọ́ńbà méjì kan wà tí ó yẹ kí gbogbo obìnrin mọ̀ nípa ara rẹ̀, ṣùgbọ́n tí ọ̀pọ̀ kì í béèrè. Èkíní ni ìwọ̀n abẹ́ ọmú, ìyẹn ibi tí tépù ti gba orí egungun ìhà yípo ní ìsàlẹ̀ ọmú gan-an. Èkejì ni ìwọ̀n àyà, níbi tí ọmú ti yọ síta jù lọ. Télọ̀ nílò méjèèjì kí gáùn tí ó ń rán má baà fún níwájú, kí ó má sì fẹ̀ jù lábẹ́ àyà. Nọ́ńbà méjì yìí náà ni a fi ń mọ kọ́mú tí yóò bá ara mu. Síbẹ̀, obìnrin tí kò ní gbà láéláé kí télọ̀ fi ojú díwọ̀n aṣọ ẹbí rẹ̀ a máa dúró níwájú àtẹ ọlọ́jà kọ́mú, ọlọ́jà náà a wo àyà rẹ̀ láti orí aṣọ, a pe nọ́ńbà kan, oníbàárà a sì sanwó, a máa lọ. Ọjà kò ní ibi tí ènìyàn ti lè bọ́ra wò, ìtìjú sì wà nínú ọ̀rọ̀ náà, nítorí náà kò sí ẹni tí a lè dá lẹ́bi pátápátá nínú àwọn méjèèjì. Ara ni ó ń jìyà rẹ̀: okùn a máa gé èjìká, wáyà a máa gún abẹ́ apá, ẹ̀yìn kọ́mú a sì máa gòkè títí tí yóò fi dé àárín ẹ̀yìn kí ọjọ́ tó rọ̀.

Kí a tó sọ bí a ṣe ń wọ̀n ọ́n, ó yẹ kí a mọ ohun tí àmì ara kọ́mú ń sọ. Nínú 34C, ọ̀já ni ó ni 34, ìyẹn apá tí ó yí ara ká lábẹ́ ọmú tí ó sì fi ìkọ́ pàdé lẹ́yìn. Ife ni ó ni C, ìyẹn apá méjì tí ó gba ọmú sínú, èyí tí àwọn ọlọ́jà ń pè ní kọ́ọ̀pù. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín nọ́ńbà ọ̀já àti ìwọ̀n àyà ni lẹ́tà náà ń sọ, íńṣì kan fún lẹ́tà kan: A jẹ́ íńṣì kan, B méjì, C mẹ́ta, D mẹ́rin. Lẹ́yìn D ni ọ̀nà pín, nítorí pé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń kọ DD fún márùn-ún kí wọ́n tó kọ E fún mẹ́fà, nígbà tí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ Amẹ́ríkà ń kọ DDD tàbí F fún mẹ́fà náà. Ohun tí ó yẹ kí ó yé ènìyàn jù lọ nínú gbogbo èyí ni pé lẹ́tà kò lè dá dúró láìsí nọ́ńbà. Bákan náà ni iye ọmú tí ife 30D àti ife 34B ń gbà. Nítorí náà, ẹni tí ó bá ní D ni òun ń wọ̀, tí kò sọ ti ọ̀já, kò tíì sọ ohun tí ọlọ́jà lè fi ṣiṣẹ́, àwọn tí wọ́n sì ń fi D pe obìnrin ní ọlọ́mú ńlá kò mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

Kọ́mú ti wà kí lẹ́tà tó dé. Ní 1889 ni Herminie Cadolle, ará Faransé, gé kọ́sẹ́ẹ̀tì, ìyẹn aṣọ líle tí ó máa ń fún obìnrin láti àyà dé ìbàdí, sí méjì, tí ó sì fi okùn gbé apá òkè rẹ̀ kọ́ èjìká. Ní 1914, Mary Phelps Jacob gba ìwé ẹ̀tọ́ ìjọba Amẹ́ríkà lórí kọ́mú tí òun náà ṣe, ó sì tà á lẹ́yìn náà fún ilé-iṣẹ́ Warner. Kò sí lẹ́tà nínú gbogbo ìyẹn. Ilé-iṣẹ́ S. H. Camp ni ó kọ́kọ́ fi A dé D ṣàlàyé bí ọmú ṣe tó, ní 1932. Àwọn tí wọ́n ń wọ̀n ọmú láyé àtijọ́ tún fi ìlànà kan sílẹ̀ tí kò tíì kú títí di òní, ìyẹn ni pé kí a fi íńṣì mẹ́rin kún ìwọ̀n abẹ́ ọmú, tàbí márùn-ún bí nọ́ńbà náà kò bá ṣeé fi méjì pín, kí a tó mọ ọ̀já. Ó lè bọ́gbọ́n mu nígbà tí aṣọ ọ̀já kò fà. Ọ̀já òde òní ń fà bíi rọ́bà, fífi mẹ́rin kún un kò sì ní ìdí mọ́.

Obìnrin lè wọn ara rẹ̀ nílé láìpẹ́ rárá, ṣùgbọ́n ó ní bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Tépù télọ̀ tí ó wọ́pọ̀ jẹ́ 60 íńṣì ní ojú kan, ó jẹ́ 150 sẹ̀ǹtímítà ní ojú kejì; èyí tí ó bá ti gbó lè ti fà, nítorí náà kí a kọ́kọ́ gbé e lé rúlà wò. Kí obìnrin bọ́ bùbá, kí ó bọ́ kọ́mú oní-fóòmù pẹ̀lú, nítorí pé fóòmù yóò fi ohun tí kì í ṣe ti ara kún ìwọ̀n. Kọ́mú fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni kí ó wọ̀, tàbí kí ó má wọ nǹkan kan. Kí ó dúró níwájú dígí, kí ó fi tépù yí abẹ́ ọmú ká, kí ó mí síta, kí ó wá fà á títí tí yóò fi lẹ̀ mọ́ egungun ìhà láìdun ún, kí ó sì rí i pé tépù kò gòkè lẹ́yìn. Fífà yìí ni ọ̀pọ̀ obìnrin ń bẹ̀rù, wọ́n gbà pé ohun tí ó bá rọ̀ ni ó ń tu ara lára. Òdìkejì rẹ̀ ni òtítọ́. Ọ̀já ni ó ń gbé èyí tí ó pọ̀ jù nínú ìwúwo ọmú, okùn èjìká kàn ń ràn án lọ́wọ́ ni. Bí ọ̀já bá ti rọ̀, èjìká ni ẹrù náà ń bọ́ sí, ohun tí ó sì ń fa ojú okùn tí ó jìn wọnú èjìká ọ̀pọ̀ ìyá nìyẹn, pẹ̀lú ọrùn ríro tí wọ́n ń ka sí ti ọjọ́ orí.

Ti àyà kò gba fífà. Kí tépù kan ara lásán níbi tí ọmú ti yọ jù lọ, kí ó má sì tẹ̀ ẹ́. Ẹni tí ọmú rẹ̀ wúwo tàbí tí ó ti rọ̀ sílẹ̀, bóyá nítorí ọmọ tí ó ti mu ún tàbí nítorí ọjọ́ orí, kò lè rí ìwọ̀n gidi lórí ìdúró, torí pé ọmú ti dùbúlẹ̀ lé egungun ìhà. Kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ bẹ̀rẹ̀ síwájú bí ẹni tí ó fẹ́ gbálẹ̀, kí ó wọ̀n ọ́n níbẹ̀. Ọmú méjèèjì kì í sábà tóbi bákan náà, kò sì sí àìsàn nínú ìyẹn bí ó bá ti wà bẹ́ẹ̀ tipẹ́; èyí tí ó tóbi jù ni a ń ra kọ́mú fún, a ó sì fa okùn ti èkejì sókè díẹ̀.

Kí a mú obìnrin kan tí abẹ́ ọmú rẹ̀ jẹ́ 31 íńṣì, tí àyà rẹ̀ sì jẹ́ 37. Nọ́ńbà tí ó ṣeé fi méjì pín ni wọ́n ń tẹ̀ sára kọ́mú, nítorí náà 32 ni ọ̀já rẹ̀. Bí a bá yọ 32 kúrò nínú 37, íńṣì márùn-ún ni ó kù, 32DD ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sì ni kọ́mú tí ó yẹ kí ó kọ́kọ́ dán wò. Ìlànà àtijọ́ yóò fi márùn-ún kún 31, yóò pe ọ̀já ní 36, íńṣì kan péré ni yóò kù, yóò sì ní 36A ni ó ń wọ̀. Ẹnìkan ṣoṣo náà nìyí o. Wọ́n ti fún un ní ọ̀já tí kò lè di ara rẹ̀ mú àti ife tí kò lè gba ọmú rẹ̀, ó sì lè lo ogún ọdún nínú rẹ̀, kí ó máa rò pé ara òun ni kò dára. Kò sí ohun tí ó dunni nínú ọ̀rọ̀ yìí tó èyí.

Ìwọ̀n tépù kàn ń sọ ibi tí a ó ti bẹ̀rẹ̀ ni. Ara ni yóò parí ẹjọ́. Kọ́mú tuntun gbọ́dọ̀ bá ara mu ní ìkọ́ tí ó rọ̀ jù, ìyẹn èyí tí ó wà létí pátápátá, kí ìkọ́ inú lè wúlò nígbà tí ọ̀já bá ti fà. Lẹ́yìn tí a bá ti dè é, kí a tẹ̀ síwájú, kí a fi ọwọ́ kó ẹran ọmú tí ó sá sí abẹ́ apá wá sínú ife, nítorí pé ibi yìí ni ọ̀pọ̀ ti ń rí i pé ife kò tó. Kí a wá wò ó: àárín kọ́mú níwájú gbọ́dọ̀ fara kan egungun àyà láàárín ọmú méjèèjì, wáyà gbọ́dọ̀ jókòó sórí egungun ìhà, kì í ṣe sórí ọmú, ọ̀já gbọ́dọ̀ wà ní ipò kan náà níwájú àti lẹ́yìn bí a bá tilẹ̀ gbé ọwọ́ sókè. Bí ọmú bá ń yọ lókè ife bí ẹni pé ó pé mẹ́rin, ife ti kéré. Kọ́mú tí ó bá ara mu dáadáa kò sì ní ní àyè fún ìdì owó tàbí fóònù, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé fífi irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sínú kọ́mú jẹ́ àṣà ọlọ́jọ́ pípẹ́ láàárín àwọn ìyá ọlọ́jà.

Bí 32DD bá fún ẹnì kan ju bí ó ṣe fẹ́ lọ, 34D ni kí ó mú, kì í ṣe 34DD, nítorí pé bí ọ̀já bá ti gòkè ní ìpele kan, lẹ́tà gbọ́dọ̀ sọ̀kalẹ̀ ní ọ̀kan kí ife lè wà bí ó ṣe wà. Ẹni tí ó bá ra ọjà ní Kútọnu tàbí Lomé lè bá nọ́ńbà Faransé pàdé, níbi tí 85 jẹ́ 32, tí 90 jẹ́ 34, tí 95 sì jẹ́ 36. Ní ti kọ́mú òkìrìkà, ohun tí wọ́n tẹ̀ sára rẹ̀ kì í ṣe ẹ̀rí mọ́, nítorí pé ẹlòmíràn ti wọ̀ ọ́ títí ọ̀já rẹ̀ fi lè ti fà. Kí olùrà fà á wò, kí ó rí i bóyá yóò padà sípò.

Ìwọ̀n yìí kì í dúró sójú kan. Oyún, ìfọ́mọlọ́mú, sísanra àti rírù ni ó ń yí i padà, abiyamọ tí ó ń fọ́mọ lọ́mú kò sì gbọdọ̀ wọ ohun tí ó fún ọmú pa, kí wàrà má baà dì síbẹ̀. Ìbẹ̀rù kan tún wà tí kò yẹ kí ó máa da ọkàn obìnrin láàmú: pé kọ́mú, pàápàá oní-wáyà, ń fa àrùn jẹjẹrẹ ọmú. Ìwádìí tí wọ́n ṣe ní agbègbè Seattle ní Amẹ́ríkà, tí wọ́n gbé jáde ní 2014, láàárín àwọn obìnrin tí wọn kì í ṣe nǹkan oṣù mọ́, kò rí ìsopọ̀ kankan láàárín méjèèjì.

Ọmọdébìnrin tí ọmú rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ ni ọ̀rọ̀ yìí kàn jù. Kọ́mú àkọ́kọ́ tí wọ́n rà fún un láìwọ̀n ọ́n, tí ó ń ta á lára tí kò sì lè sọ, lè kọ́ ọ láti máa tẹ èjìká mọ́ra kí ẹnikẹ́ni má baà rí àyà rẹ̀. Kí ìyá tàbí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin mú tépù, kí wọ́n ti ilẹ̀kùn, kí wọ́n wọ̀n ọ́n pẹ̀lú ọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́. Ẹ̀yin aránṣọ pẹ̀lú, ẹ jọ̀wọ́, nígbà tí oníbàárà bá wá rán aṣọ, ẹ kọ ìwọ̀n abẹ́ ọmú àti ti àyà rẹ̀ sórí ìwé pélébé kan, kí ẹ fi lé e lọ́wọ́ kí ó tó lọ sí ọjà.