Àṣírí Tó Bá Fíìmù Lọ

Ẹni tó bá fẹ́ràn ìtàn ọ̀daràn bíi tèmi mọ̀ pé ojú ìwé tó kẹ́yìn ló ń dùn jù. Ibẹ̀ la ti ń mọ ẹni tó ṣiṣẹ́ ibi náà. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin òǹkàwé mi, ìtàn tí gbogbo ojú ìwé rẹ̀ ti sọnù ńkọ́, tó wá ku orúkọ?

Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ti fíìmù kékeré kan tí ilé-iṣẹ́ Sfinks ṣe nílùú Warsaw, ní Poland, lọ́dún 1917. Tajemnica Alei Ujazdowskich ni wọ́n pè é, ìyẹn Àṣírí Òpópónà Ujazdowskie. Ilé là á wò ká tó sọ ọmọ lórúkọ. Òpópónà àwọn gbajúmọ̀ lèyí, ilé ńláńlá àti igi ló tò sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ta ni yóò gbọ́ pé àṣírí wà níbẹ̀ tí kò ní fẹ́ yọjú? Ogun ń jà nígbà náà, Jámánì ló sì ń ṣàkóso Warsaw. Fíìmù ìgbà yẹn kì í sọ̀rọ̀. Ojú àti ọwọ́ òṣèré ló ń ròyìn.

Pola Negri wà nínú rẹ̀, ọ̀dọ́mọbìnrin tí kò tí ì lókìkí lókè òkun. Lọ́dún yẹn kan náà ló gba Berlin lọ. Nígbà tó di 1922, ó ti dé Hollywood, òkìkí rẹ̀ sì kàn káyé. Síbẹ̀, nínú gbogbo fíìmù tó ṣe ní Poland, ọ̀kan péré, Bestia, ló ṣẹ́ kù.

Kí ló pa ìyókù? Róòlù fíìmù ayé ọjọ́un máa ń gbiná wéré, bí kò bá sì jóná, ó lè jẹrà fúnra rẹ̀. Nígbà tó di 1944, àwọn Jámánì sun Warsaw, wọ́n wó o palẹ̀. Kí ló wá yọ Bestia? Wọ́n ti tà á sí Amẹ́ríkà, wọ́n sì fi hàn níbẹ̀ lọ́dún 1921 pẹ̀lú orúkọ mìíràn, The Polish Dancer. Ẹ̀dà ti Amẹ́ríkà ló kù. Ọmọ tó lọ sájò ni iná ilé kò ká mọ́.

Iṣẹ́ ìwé ìròyìn ni mò ń ṣe, mo sì mọ̀ pé ìwé àná ni wọ́n fi ń di àkàrà. Ohun tó wà nílẹ̀ lójoojúmọ́, a kì í kà á sí. Fọ́tò ìyá yín àgbà tó wà nínú àpótí yẹn, ẹyọ kan ṣoṣo ni àbí? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣe ẹ̀dà rẹ̀, kẹ́ ẹ fi ránṣẹ́ sí àbúrò yín tó wà nílùú mìíràn. Ẹ má jẹ́ kó ku orúkọ nìkan.